Ẹni Tí Kọ́ńpìnnì Rẹ̀ Kógbá Wọlé Kì í Ṣe Ọ̀tá Ọjà Wa

Láti ọwọ́ Akọ̀wé Ẹgbẹ́

   

Ọ̀rọ̀ kan ló ń jẹ mí lẹ́nu láti ọjọ́ ìpàdé wa tó kọjá. Ẹ̀yin tí ẹ wà níbẹ̀ ẹ ó rántí pé ariwo pọ̀ lọ́jọ́ náà. Ẹnìkan nínú wa dìde, ó ní kí ẹgbẹ́ sọ owó ìwọlé di ìlọ́po mẹ́ta, kí a má sì gba ẹni tuntun kankan mọ́ títí ọdún yóò fi parí. Ó ní àwọn ìyàwó òṣìṣẹ́ tí kọ́ńpìnnì dá dúró ti pọ̀ jù lọ́jà, àwọn ọkọ wọn pàápàá ti ń bá wọn wá. Àwọn kan pàtẹ́wọ́ fún un. Àwọn kan ní rárá. Ìyálọ́jà wa ní kí oníkálùkù lọ rò ó kó tó di ìpàdé tó ń bọ̀. Èmi ò sọ nǹkan kan, torí ìwé ìpàdé ni mò ń kọ, ọwọ́ àti ẹnu mi kì í ṣiṣẹ́ pọ̀. Ìwé mẹ́fà péré ni mo kà, kíkọ yẹn gan-an ti gba gbogbo ọgbọ́n orí mi. Ṣùgbọ́n mo ti rò ó báyìí. Èmi ò fara mọ́ ọn, ẹ jẹ́ kí n sọ ìdí rẹ̀.

Kí n tó sọ ọ́, ẹ má bínú sí ẹni tó mú àbá yẹn wá o. Òótọ́ wà nínú ohun tó sọ. Níbi tí ẹni méjì ti ń ta tòmátì tẹ́lẹ̀, ẹni mẹ́fà ló wà níbẹ̀ báyìí. Wọ́n ń tẹ́ ọjà sílẹ̀ níwájú ìsọ̀ ẹni tó ń san owó oṣooṣù. Òmíràn ń ta ọjà ní iye tó rà á gan-an, oníbàárà á wá dé ọ̀dọ̀ rẹ, á ní olè ni ọ́. Ó dùn mí náà. Ó ṣẹlẹ̀ sí èmi náà lọ́sẹ̀ tó kọjá. Ṣùgbọ́n kí a tó ti ilẹ̀kùn mọ́ èèyàn, ó yẹ kí a bi í pé, níbo lo ti ń bọ̀?

NÍBO NI WỌ́N TI WÁ?

Ẹ wo orí àtẹ yín. Ọṣẹ àti nǹkan kéékèèké ni èmi ń tà báyìí, torí náà orí àtẹ mi ni mo ti kọ́kọ́ gbọ́ ìròyìn yìí. Ní oṣù kẹta ọdún 2023, Unilever kéde pé àwọn ò ní ṣe OMO, Sunlight àti Lux mọ́ ní Nàìjíríà. Àwọn yìí náà ni Lever Brothers tí àwọn ìyá wa mọ̀, tí wọ́n ti wà nílẹ̀ yìí láti 1923. Ọdún tí wọ́n pé ọgọ́rùn-ún ọdún gan-an ni wọ́n gbé OMO sílẹ̀. OMO tó jẹ́ pé ọṣẹ oníyẹ̀fun yòówù kí ọmọdé wá rà, OMO ló ń pè é!

Ní oṣù kẹjọ ọdún yẹn, GSK tó ń kó Panadol àti Macleans fún wa, tó ti lo àádọ́ta ọdún ó lé níbí, ní òun ń lọ. Ní oṣù kejìlá, Procter and Gamble, àwọn tó ni Ariel, Pampers àti Always, ní àwọn ò ní máa ṣe ọjà wọn níbí mọ́, àwọn á kàn máa kó o wọlé láti òkèèrè. Nígbà tó di 2024, Kimberly-Clark tó ń ṣe Huggies náà ní àwọn ń ti iléeṣẹ́ wọn ní Ìkòròdú, lódìkejì ọ̀sà tí à ń wò láti etí omi Ìlàjẹ yìí. Ọdún 2022 ni wọ́n ṣẹ̀ṣẹ̀ ṣí i, ọgọ́rùn-ún mílíọ̀nù dọ́là ni wọ́n fi kọ́ ọ.

Nígbà tí gbogbo èyí ń ṣẹlẹ̀, kí ni àwa ń sọ lọ́jà? "Ọjà ti wọ́n, ẹ bá wa gbà á bẹ́ẹ̀." Ó tán. A ò rántí pé ọwọ́ èèyàn ló ń po ọṣẹ. Ẹni tó ń dì í sínú páálí, dírẹ́bà tó ń gbé e, ẹni tó ń tún ẹ̀rọ ṣe, obìnrin tó ń gbálẹ̀ kọ́ńpìnnì, gbogbo wọn ló ní ilé, tí wọ́n ní ọmọ nílé ìwé. Irú wọn là ń rí níwájú ìsọ̀ wa báyìí.

Kì í sì í ṣe òní ló bẹ̀rẹ̀. Ẹ̀yin tí ẹ ti dàgbà bíi tèmi, ẹ rántí Dunlop ní Ìkẹjà. Mo mọ àwọn ọkùnrin tó ń jí ní aago mẹ́rin ìdájí láti Bárígà níbí kí wọ́n lè bá ṣíìfù òwúrọ̀ ní Ìkẹjà. Michelin tó ń ṣe táyà ní Port Harcourt dáwọ́ dúró ní 2007, Dunlop náà dáwọ́ dúró ní oṣù kejìlá ọdún 2008. Owó iná àti epo ti wọ̀ wọ́n lọ́rùn, ìjọba tún wá gé owó orí táyà tó ń wọlé láti òkèèrè, láti náírà 40 lórí ọgọ́rùn-ún náírà sí náírà 10. Táyà òkèèrè rọ̀ wọ́ọ̀, tiwa wọ́n. Kí ni wọ́n fẹ́ ṣe?

Ti aṣọ ló wá burú jù. Nígbà tí mo bẹ̀rẹ̀ sí í ta aṣọ, bí a bá ní àǹkárá Nàìjíríà, a ó dárúkọ Aswani, Afprint, Enpee, Nichemtex, Nigerian Textile Mills ti Ìkẹjà, àti UNTL ti Kàdúná. Ọ̀pọ̀ nínú wọn ló ti dákẹ́. UNTL ti géètì rẹ̀ ní oṣù kẹwàá ọdún 2007, òṣìṣẹ́ tó lé ní ẹgbẹ̀rún mẹ́rin ló lọ sílé. Wọ́n tún un ṣí ní 2010, ṣùgbọ́n kò padà sí bó ṣe wà mọ́. Ẹ lọ sí ọjà Aswani ní Ìsọlọ̀ ní ọjọ́ Ìṣẹ́gun. Orúkọ iléeṣẹ́ aṣọ ni ọjà yẹn ń jẹ́. Kí ló kún ibẹ̀ báyìí? Òkìríkà. Aṣọ tí àwọn òyìnbó wọ̀ sílẹ̀ là ń nà lójú ọ̀nà ibi tí àwa fúnra wa ti ń hun aṣọ tẹ́lẹ̀.

ỌWỌ́ TÈMI NÁÀ WÀ NÍBẸ̀

Ohun tí mo fẹ́ sọ yìí, mo ti gba àyè lẹ́nu bàbá àwọn ọmọ mi kí n tó kọ ọ́. Ó ní kí n kọ ọ́, pé ó ti pẹ́.

Iléeṣẹ́ aṣọ kan lọ́nà Ìsọlọ̀ ló ti ṣiṣẹ́. Èmi ò ní dárúkọ rẹ̀. Ó wọbẹ̀ ní 1986, ìdí ẹ̀rọ tó ń tẹ àwọ̀ sára aṣọ ló wà. Èmi ń ta àǹkárá nígbà yẹn. Nígbà tó ṣe, àwọn kan bẹ̀rẹ̀ sí í kó aṣọ wá láti Kútọnu, aṣọ Ṣáínà ni. Ìjọba ti fòfin dè é, ṣùgbọ́n fàyàwọ́ ò gbọ́ òfin. Ẹ ṣáà mọ bí wọ́n ṣe ń ṣe é. Bátànì tí iléeṣẹ́ wa yà ni wọ́n á yà, wọ́n á tún lu òǹtẹ̀ orúkọ iléeṣẹ́ Nàìjíríà sí etí rẹ̀. Ẹni tí ò mọ aṣọ ò lè mọ̀. Ó rọ̀ ju tiwa lọ dáadáa, èrè orí rẹ̀ sì dùn.

Mo rà á. Kí n má purọ́, mo mọ̀. Mo gbé e délé lálẹ́ ọjọ́ kan, bàbá àwọn ọmọ mi fi ọwọ́ pa á. Ó bu omi, ó fi àtàǹpàkò ra á, àwọ̀ bọ́ sí i lọ́wọ́. Ó wo etí aṣọ, ó rí orúkọ ibi iṣẹ́ ara rẹ̀ níbẹ̀. Ó ní, "Ìyá wọn, a ò ṣe èyí." Mo ní, "Ọjà ni o, Bàbá. Bí èmi ò tà á, ẹlòmíràn á tà á." Kò dá mi lóhùn. Ó lọ fọ ọwọ́ rẹ̀, ó jẹun, ó sùn.

Ní 2004 wọ́n ti iléeṣẹ́ náà. Wọ́n kó wọn jọ ní òwúrọ̀ ọjọ́ Ẹtì, wọ́n ní kí wọ́n má wá mọ́ ní ọjọ́ Ajé. Ọdún méjìdínlógún ló lò níbẹ̀. Láti ọjọ́ yẹn, kò sọ ọ́ sí mi lójú rí pé aṣọ mi wà nínú ohun tó ti ilẹ̀kùn náà. Èmi ni mò ń sọ ọ́ fún ara mi.

Mi ò sọ pé àwa ọlọ́jà la pa iléeṣẹ́ o. Agbára wa kò tó bẹ́ẹ̀. Iná ìjọba tí kò sí, epo dúdú tí wọ́n fi ń ṣiṣẹ́ tó gbówó lórí, ojú ọ̀nà tó bàjẹ́, ibodè tí àwọn tí ìjọba ní kó máa ṣọ́ ọ ṣí sílẹ̀, gbogbo rẹ̀ ló pa á. Ti àìpẹ́ yìí náà, dọ́là ni. Ní ìbẹ̀rẹ̀ oṣù kẹfà ọdún 2023, dọ́là kan kò tó náírà 500 ní báńkì. Kó tó di ìparí oṣù kejì ọdún 2024, ó ti kọjá náírà 1,500. Iléeṣẹ́ tó ń fi dọ́là ra èròjà, tó sì ń fi náírà tajà fún wa, báwo ló ṣe fẹ́ dúró? Ìjọba lẹ̀bi yẹn pọ̀ jù lọ́rùn rẹ̀. Ṣùgbọ́n ẹ̀bi pọ̀ débi pé ó kan ọ̀dọ̀ tiwa náà, díẹ̀ díẹ̀. Ẹni tí ọwọ́ rẹ̀ wà nínú ohun tó ti géètì mọ́ èèyàn, kó má tún wá ti ọjà mọ́ ọn.

ÈÈYÀN Ò KÚN ỌJÀ, ÀPÒ LÓ GBẸ

Àwọn kan ń sọ pé ọjà ti kún. Ẹ jẹ́ ká rò ó bí ọlọ́jà.

Òṣìṣẹ́ kan tó ń gbowó oṣù, kí ló ń ṣe fún ọjà? Ní òwúrọ̀, á ra ògì àti àkàrà lẹ́nu géètì. Lọ́sàn-án, á jẹ ìrẹsì lọ́dọ̀ olóúnjẹ. Ní ìparí oṣù, ìyàwó rẹ̀ á wá sọ́dọ̀ wa, á ra ìrẹsì, ẹ̀wà, òróró, èlùbọ́, ọṣẹ. Á san gbèsè oṣù tó kọjá. Á dá àjọ. Ó di ọdún, á ra aṣọ ọmọ. Nígbà ayẹyẹ, á gba aṣọ ẹgbẹ́. Owó oṣù kan ṣoṣo, ìsọ̀ mẹ́wàá ló ń yà. Ìdí nìyẹn tí ọjà fi máa ń gbóná láti ọjọ́ kẹẹ̀ẹ́dọ́gbọ̀n oṣù nígbà kan. Ta ló tún rántí ìyẹn? Ìparí oṣù àti àárín oṣù ti rí bákan náà báyìí.

Mo ṣí ìwé àwìn mi wò. Àwọn tó jẹ mí lówó tí wọn ò rí i san, tí mo bá tọpasẹ̀ wọn, ìdajì ló jẹ́ pé iṣẹ́ bọ́ lọ́wọ́ ẹnìkan nílé wọn. Torí náà nígbà tí géètì kọ́ńpìnnì tì, ìsọ̀ tèmi náà ti díẹ̀ lọ́jọ́ yẹn, àmọ́ mi ò gbọ́ ìró ilẹ̀kùn. Ẹni tó wá tẹ́ tòmátì sílẹ̀ kọ́ ló gba oníbàárà wa. Oníbàárà wa ló di ẹni tó ń ta tòmátì. Bí a bá lé e, kò ní padà di oníbàárà. Ebi ni yóò pa á sílé, gbèsè wa á sì bá a wọlé. Àwọn àgbà ní bí ará ilé ẹni bá ń jẹ kòkòrò burúkú tí a kò kìlọ̀ fún un, hẹ̀rẹ̀huru rẹ̀ kò ní jẹ́ ká sùn lóru.

OHUN TÓ YẸ KÍ ÒṢÌṢẸ́ MỌ̀

Púpọ̀ nínú wa ní ọkọ, ọmọ tàbí àbúrò tó ṣì ń ṣiṣẹ́ kọ́ńpìnnì. Ẹ ka èyí fún wọn.

Òfin iṣẹ́ ilẹ̀ wa, ní abala 20, sọ̀rọ̀ nípa ìgbà tí kọ́ńpìnnì bá fẹ́ dín òṣìṣẹ́ kù. Ó ní kí wọ́n sọ fún yúníọ̀n tàbí aṣojú òṣìṣẹ́, ìdí rẹ̀ àti bí yóò ṣe pọ̀ tó. Ó ní ẹni tó dé kẹ́yìn ni kó kọ́kọ́ lọ, àmọ́ wọ́n lè wo ti ẹni tó mọṣẹ́ jù. Ó ní kí agbanisíṣẹ́ sapá láti bá àwọn tó ń lọ dúnàádúrà lórí owó tí yóò fún wọn. Dúnàádúrà! Iṣẹ́ tiwa nìyẹn. Ẹni tó bá dá nìkan lọ dúnàádúrà, wọ́n á rẹ́ ẹ jẹ. Àjọlọ ló dáa. Kí òṣìṣẹ́ má fọwọ́ sí ìwé tí kò kà tàbí tí wọn ò kà fún un.

Owó ìfẹ̀yìntì tí wọ́n ń yọ lóṣooṣù náà wà níbẹ̀. Òfin 2014 ní kí agbanisíṣẹ́ fi 10 sí i lórí ọgọ́rùn-ún, kí òṣìṣẹ́ fi 8. Ẹni tí kò tíì pé àádọ́ta ọdún, tí iṣẹ́ bọ́ lọ́wọ́ rẹ̀, tí kò rí òmíràn fún oṣù mẹ́rin, lè gba títí dé ìdá mẹ́rin kan nínú owó rẹ̀. Kí ó lọ béèrè bóyá wọ́n ń san án lóòótọ́, kó lọ nísinsìnyí tí géètì ṣì ṣí. Ẹ̀yin tí ọmọ yín jẹ́ káṣúà, ẹ tètè mọ̀ pé wọ́n lè máà bá orúkọ rẹ̀ nínú ìwé kankan. Ẹ jẹ́ kó máa dá àjọ.

Èyí tó kù ni ti owó pé-ó-dàbọ̀. Nígbà tí bàbá àwọn ọmọ mi gba tirẹ̀, kò tó nǹkan, ó fi ra ọkọ̀ dánfó lójú ẹsẹ̀. Kò mọ ọkọ̀, kò mọ dírẹ́bà, kò mọ mẹkáníìkì. Oṣù mẹ́jọ, ọkọ̀ kú. Ọdẹ ló ń ṣe báyìí ní Gbàgadà. Ẹni tó bá gba owó yẹn, ẹ ní kó kọ́kọ́ jókòó ti ẹnìkan nídìí ọjà fún oṣù mẹ́ta, kó wo bí wọ́n ti ń ṣe é, kó tó ná kọ́bọ̀ lórí rẹ̀.

ÀBÁ TÈMI

Ní ìpàdé tó ń bọ̀, ohun tí mo fẹ́ kí ẹgbẹ́ fọwọ́ sí nìyí.

Èkíní, kí owó ìwọlé dúró síbi tó wà. Ẹni tí iṣẹ́ bọ́ lọ́wọ́ rẹ̀ tàbí lọ́wọ́ ọkọ rẹ̀, kó san án lẹ́ẹ̀mẹta. Kí a wá fún wọn láyè ní ẹ̀gbẹ́ kan, kí ẹnikẹ́ni má tẹ́ ọjà síwájú ìsọ̀ ẹlòmíràn mọ́. Ẹni tó bá tún tẹ́ ẹ síbẹ̀ lẹ́yìn ìyẹn, kó san owó ìtanràn.

Èkejì, kí olórí ìlà kọ̀ọ̀kan kọ́ àwọn tuntun bí a ṣe ń ṣírò ọjà. Èyí tó pọ̀ jù nínú àwọn tó ń tajà ní iye tí wọ́n rà á, wọn ò mọ̀ pé owó ọkọ̀, owó alábàárù, owó tíkẹ́ẹ̀tì àti owó ọ̀rá ń bẹ lórí ọjà. Wọn kì í ṣe é láti bà wá jẹ́. Wọ́n ń gbé owó ọmọ wọn sọnù ni, wọn ò sì mọ̀.

Ẹ̀kẹta, ẹni tí kọ́ńpìnnì ilé rẹ̀ bá ti, tó jẹ wá lówó, kí a sún un síwájú fún oṣù mẹ́ta, kó máa san án díẹ̀ díẹ̀ lẹ́yìn náà. Kí ẹnikẹ́ni má lọ gbé ẹ̀rọ amóhùnmáwòrán rẹ̀, kí ẹnikẹ́ni má dójú tì í láàárín ọjà.

Ẹ̀kẹrin, kí a jọ bú u pé a ò ní ta ọjà tó gbé òǹtẹ̀ iléeṣẹ́ Nàìjíríà lórí irọ́, ì báà jẹ́ aṣọ, ì báà jẹ́ ọṣẹ. Èmi ni n ó kọ́kọ́ búra.

Ẹni tó bá sì gba lẹ́tà lọ́wọ́ kọ́ńpìnnì tí kò yé e, kó mú un wá bá mi ní ìsọ̀ mi lọ́sàn-án ọjọ́ Rú. Ọmọ mi obìnrin tó kàwé jù mí lọ máa ń wà níbẹ̀. A ó kà á fún un, a kò ní gba kọ́bọ̀.

Ojú ọ̀run tó ẹyẹ fò láì fara kanra. Ẹ jẹ́ ká rántí pé kò sí ẹni tó mọ géètì tí wọn yóò tì tẹ̀lé e, tàbí ilé ta ni ìròyìn rẹ̀ yóò wọ̀. Ẹni tí a bá gbà láyè lónìí, ọmọ rẹ̀ lè gba ọmọ wa láyè lọ́la.

Ẹni tí kò bá gbà pẹ̀lú mi, kó wá sọ ọ́ ní ìpàdé. N ó kọ tirẹ̀ náà sílẹ̀ bó ṣe sọ ọ́ gan-an, mi ò ní yọ ọ̀rọ̀ kan kúrò.

Ire o. A ò ní rí ìjà ọjà.

Èmi ni tiyín ní tòótọ́,
Akọ̀wé Ẹgbẹ́, Ìlàjẹ, Bárígà.